Bill Leeb kan ṣoṣo, orúkọ rẹpẹtẹ: àlàyé lórí Front Line Assembly àti Delerium

Ọ̀rẹ́ mi kan fi orin méjì ránṣẹ́ sí mi lọ́dún díẹ̀ sẹ́yìn, ó ní kí n sọ ohun tó pa wọ́n pọ̀. Àkọ́kọ́ ni "Silence". Obìnrin kan ló ń kọ ọ́ pẹ̀lú ohùn pẹ̀lẹ́, àwọn ọkùnrin sì ń kọ orin ìsìn lẹ́yìn rẹ̀ bí ẹni pé inú ilé ìjọsìn ńlá kan ni wọ́n dúró sí. Èkejì ni "Mindphaser". Ìlù rẹ̀ ń dún gbì, gbì, gbì, béèsì rẹ̀ ń sáré láìsinmi, ohùn ọkùnrin kan sì ń ha bí irin tí wọ́n ń wọ́ lórí òkúta. Mo gbọ́ méjèèjì lẹ́ẹ̀mẹta, n ò rí nǹkan kan tó pa wọ́n pọ̀. Ìgbà tó ní kí n wo orúkọ àwọn tó kọ orin lẹ́yìn àwo ni ojú mi tó là: àwọn ọkùnrin méjì kan náà ló wà nídìí méjèèjì, Bill Leeb àti Rhys Fulber, nínú ìlú kan náà, Vancouver ní Kánádà. Ọdún 1992 ni àwo tí "Mindphaser" wà nínú rẹ̀ jáde lábẹ́ orúkọ Front Line Assembly. Ti "Silence" jáde ní 1997 lábẹ́ orúkọ Delerium.

Láti ìgbà náà ni mo ti ń bá iṣẹ́ wọn bọ̀, ìfẹ́ rẹ̀ sì ti wọ̀ mí lára. Ṣùgbọ́n bí mo bá ti ní kí ẹlòmíì gbọ́ ọ, ibi kan náà ni ọ̀rọ̀ máa ń rú u lójú. Á wá Front Line Assembly lórí íntánẹ́ẹ̀tì, á bá Delerium níbẹ̀. Á tẹ Delerium, Noise Unit, Intermix, Cyberaktif àti Conjure One á tún tò sílẹ̀ níwájú rẹ̀. Á rí àwo tí wọ́n kọ 1993 sí lára, ṣùgbọ́n orin inú rẹ̀ ti pé ọdún méje. Àwọn mìíràn tilẹ̀ máa ń búra pé Tiësto, DJ kan, ló ni "Silence". Kò sí èyí tí kò ní àlàyé nínú gbogbo rẹ̀, ibi tí àlàyé náà sì ti bẹ̀rẹ̀ ni bí wọ́n ṣe ń ṣe irú orin yìí gan-an.

Ẹgbẹ́ olórin àti ìdáwọ́lé

Ẹgbẹ́ olórin kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni. Ẹnìkan ń ta gìtá, ẹnìkan ń lùlù, ẹnìkan wà nídìí béèsì, ẹnìkan ń kọrin. Bí onílù bá kúrò, ìró ẹgbẹ́ á yí padà, torí ọwọ́ ẹni náà ni ìlù ti ń dún. Ọ̀rọ̀ àwọn tó ń fi ẹ̀rọ ṣe orin kò rí bẹ́ẹ̀. Nígbà tí Leeb bẹ̀rẹ̀, ohun mẹ́ta ló ṣe kókó nínú yàrá iṣẹ́ irú wọn. Synthesizer ni àkọ́kọ́, dùùrù oníná tí kò ní ohùn kan pàtó tirẹ̀. Ẹni tó ń lò ó ló máa ń yí bọ́tìnnì rẹ̀ síhìn-ín sọ́hùn-ún títí ohùn tó ń wá á fi jáde. Èkejì ni sampler. Ohun yòówù tí o bá gbé sí i ló máa gbà sílẹ̀, ìbáà ṣe ìró ìlẹ̀kùn irin tó pa dé, ìbáà ṣe gbólóhùn kan láti inú fíìmù, wàá sì máa tẹ̀ ẹ́ lórí dùùrù bí ẹni ń tẹ orin. Sequencer ni ẹ̀kẹta, òun sì ni iyè gbogbo rẹ̀. Tẹ ohùn mẹ́rìndínlógún sí i lẹ́ẹ̀kan péré, á máa tún un dá ní ìwọ̀n kan náà, kò ní rẹ̀ ẹ́, kò ní ṣì í, títí wàá fi ní kó dákẹ́.

Ẹnìkan tàbí ẹni méjì lè ti ilẹ̀kùn mọ́rí pẹ̀lú àwọn ẹ̀rọ wọ̀nyí kí wọ́n sì gbé odindi àwo jáde. Ìdí nìyí tí àwọn tó ń ṣe irú orin yìí kì í fi í sábà pe ara wọn ní ẹgbẹ́. Project ni wọ́n ń pè é. Ìdáwọ́lé ni èmi á máa pè é níhìn-ín, torí ohun tí ẹnìkan dáwọ́ lé ni. Ẹni tó ni ìdáwọ́lé lè ní alábàáṣiṣẹ́ lónìí, kí ẹni náà bá tirẹ̀ lọ lọ́la, kí orúkọ sì dúró digbí. Ó sì lè ní ìdáwọ́lé mẹ́ta tàbí mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan náà.

Àwọn àgbà ní ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Lọ́dọ̀ Leeb, ìró ni ilé náà. Bí orin tó ń ṣe bá le, tó ń gbóná, tí ohùn òun fúnra rẹ̀ sì ń pariwo lórí rẹ̀, Front Line Assembly ló máa jẹ́. Bí ó bá rọ̀, tó ń fẹ́ lẹ́lẹ́ bí èéfín, Delerium ni. Bí ó bá jẹ́ èyí tí wọ́n lè fi jó títí ilẹ̀ á fi mọ́, ó ti fi Intermix pè é rí. Ẹ di èyí mú ṣinṣin, torí òun ló máa tú ìyókù: orúkọ tó wà lára àwo ń sọ irú ìró tó wà nínú rẹ̀ ju bó ṣe ń sọ ẹni tó ṣe é lọ.

Ibi tó ti bẹ̀rẹ̀

Vienna, olú ìlú Austria, ni wọ́n ti bí Leeb ní 1966, ó sì ṣì kéré nígbà tó dé Kánádà. Ní 1982, àwọn ọ̀dọ́kùnrin méjì dá ìdáwọ́lé kan sílẹ̀ ní Vancouver tí wọ́n ń pè ní Skinny Puppy. Kevin ni àwọn méjèèjì ń jẹ́. Kí ọ̀rọ̀ má baà dàrú, ọ̀kan di cEvin Key, èkejì kọ Kevin láti ẹ̀yìn wá síwájú, ó di Nivek Ogre. Mo sọ èyí kí ẹ lè rí i pé láti ìbẹ̀rẹ̀ ni fífi orúkọ ṣe aṣọ ti wà lára àṣà àwọn ènìyàn yìí. Nígbà tí Leeb dara pọ̀ mọ́ wọn ní 1985, kò lo orúkọ tirẹ̀. Wilhelm Schroeder ló ń jẹ́ níbẹ̀. Béèsì orí synthesizer ló ń tẹ̀, ó sì ń gbe orin lẹ́yìn Ogre.

Kò pẹ́ níbẹ̀. Ní 1986 ó fi wọ́n sílẹ̀ láti dá tirẹ̀ dúró, Dwayne Goettel sì gba ipò rẹ̀. Èyí ni orísun ìbéèrè kan tó ń wáyé nígbà gbogbo: ṣé inú Skinny Puppy ni Front Line Assembly ti jáde ni? Leeb ti ibẹ̀ jáde lóòótọ́, ṣùgbọ́n Skinny Puppy kò pín sí méjì, kò sì túká nítorí rẹ̀. Ó kàn kúrò ni, wọ́n sì ń bá iṣẹ́ wọn lọ.

Kásẹ́ẹ̀tì ni Front Line Assembly fi bẹ̀rẹ̀, irú èyí tí ènìyàn ń dà kọ nínú ilé tó sì ń fi ránṣẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Nerve War ni wọ́n ń pe ọ̀kan, wọ́n ń pe òmíràn ní Total Terror. Bí ó ti wá fẹ́ gbé àwo gidi jáde, òkè òkun ló ti rí ẹni tó máa bá a ṣe é. KK Records ní Belgium ló gbé The Initial Command jáde ní 1987. Ilé iṣẹ́ Jámánì kan, Dossier, gbé State of Mind. Third Mind ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti Wax Trax! ní Chicago tẹ̀lé e. Ní 1988 nìkan, Corrosion àti Disorder jáde tẹ̀léra wọn.

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ọdún ti ń dojú rú. Nígbà tí orúkọ Front Line Assembly ti wá lókìkí, ilé iṣẹ́ Cleopatra ní Amẹ́ríkà kó àwọn orin àtijọ́ jọ, wọ́n tún wọn tẹ̀ sórí síídì. Total Terror, orin kásẹ́ẹ̀tì 1986, wá di síídì 1993. Wọ́n pa Corrosion àti Disorder pọ̀ sójú kan ní 1995, wọ́n sì sọ ọ́ ní Corroded Disorder. Ẹni tí kò bá mọ̀ á rò pé lẹ́yìn tí Leeb ti ṣe iṣẹ́ ńlá ńlá tán ló ṣẹ̀ṣẹ̀ wá padà sí ìró tó gbẹ, tó sì rọrùn báyìí. Bí ẹ bá fẹ́ mọ ìgbà tí wọ́n ṣe orin kan, ẹ má wo ọdún tí wọ́n tẹ síídì. Ẹ wo ọdún tí orin náà kọ́kọ́ jáde.

Kí ló ṣókùnkùn nínú rẹ̀?

Ọ̀pọ̀ ń gbọ́ pé orin ẹ̀rọ yìí "ṣókùnkùn", ọkàn wọn á sì lọ síbi iṣẹ́ èṣù. N kò rí ìyẹn nínú rẹ̀ rí. Ohun tí Leeb ń kọ lé lórí ni ogun, ẹ̀rọ tó ń ṣọ́ ènìyàn, ọpọlọ tí wọ́n ń fi wáyà so mọ́ kọ̀ǹpútà, ìlú tó ti bàjẹ́ tí afẹ́fẹ́ rẹ̀ kò ṣeé mí sínú mọ́. Ẹ̀rù ohun tó ń bọ̀ ló wà níbẹ̀. Ìdí tí ohùn rẹ̀ fi ń ha náà nìyẹn: ó máa ń gbé e gba inú ẹ̀rọ tó ń fọ́ ohùn kó tó débi tí a ti ń gbọ́ ọ, kí a má baà mọ ibi tí ènìyàn parí sí àti ibi tí ẹ̀rọ ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ máa rí orúkọ méjì tí wọ́n fi ń pe irú orin yìí. Industrial ni èyí tó dàgbà jù. Throbbing Gristle ní London ló mú un wá, nígbà tí wọ́n dá ilé iṣẹ́ Industrial Records sílẹ̀ ní 1976, orin wọn nígbà náà sì jẹ́ ariwo ju ijó lọ. EBM (electronic body music) ni èkejì, ìyẹn orin ẹ̀rọ tí wọ́n ṣe fún ara láti jó sí. Front 242 ní Belgium ló sọ orúkọ yẹn di ohun tí gbogbo ènìyàn ń pè. Inú méjèèjì ni Front Line Assembly ti ọwọ́ bọ: ó mú ariwo àti ìró irin láti inú industrial, ó mú béèsì asáré àti ìlù tó dúró ṣánṣán láti inú EBM. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi iyàn orúkọ méjèèjì dá yín dúró pẹ́ títí. Ọ̀kankan kò pa irọ́.

Rhys Fulber dé

Nínú àwọn àwo 1988 àti Gashed Senses & Crossfire ti 1989, Michael Balch ni alábàáṣiṣẹ́ Leeb. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Balch kúrò, Rhys Fulber sì di ẹnìkejì Leeb. Ọmọ Vancouver ni, wọ́n bí i ní 1970, ó sì ti ń wà ní àyíká Leeb láti ìgbà tó ṣì jẹ́ ọ̀dọ́mọdé gidi. Caustic Grip ti 1990 ni àwo àkọ́kọ́ tí àwọn méjèèjì jọ jókòó tì bí ẹlẹgbẹ́, ó sì le bí òkúta. Ṣùgbọ́n Tactical Neural Implant ti 1992 ni mo fẹ́ kí a dúró tì díẹ̀.

Ẹ fi gbohùngbohùn etí gbọ́ "Mindphaser" lọ́jọ́ tí ilé bá dákẹ́. Ní ìsàlẹ̀ pátápátá, béèsì ń tún ọ̀rọ̀ kan náà sọ, kíá kíá, láìyí ìwọ̀n padà, sequencer nìyẹn. Ìlù jókòó lé e lórí, èyí tó wúwo àti èyí tó ń dún ṣáá, ṣáá, ń dá ara wọn lóhùn. Àwọn ìró kéékèèké tó ń já gbà láti ọ̀tún sí òsì jẹ́ iṣẹ́ sampler. Títí débí, ọ̀pọ̀ ẹlòmíràn lè ṣe é. Ohun tó yàtọ̀ wà lókè: ìró kan tó gùn, tó fẹ̀, tó ń yí padà díẹ̀díẹ̀ bí ìkùukùu, tó sì kún fún ìbànújẹ́. Bí Leeb bá ń pariwo nísàlẹ̀, òun ń sunkún lókè. Ẹ fi ọkàn yín yọ ìlù kúrò, ẹ yọ béèsì kúrò, ẹ yọ ohùn Leeb kúrò. Ohun tó kù lọ́wọ́ yín fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ Delerium. Ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ bẹ́ẹ̀, mo ní láti dá orin náà dúró kí n tún un gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, torí ìgbà náà ni ìbéèrè ọ̀rẹ́ mi ṣẹ̀ṣẹ̀ yé mi.

Fídíò orin yìí kò jìnnà sí ọ̀rọ̀ tó ń sọ. Wọ́n mú àwòrán inú Gunhed, fíìmù Japan ti 1989 kan tó dá lórí ẹ̀rọ ogun, wọ́n pa á pọ̀ mọ́ àwòrán tiwọn.

Lẹ́yìn èyí ni gìtá dé. Ní 1993 àwọn méjèèjì tún orin Fear Factory, ẹgbẹ́ mẹ́tàlì láti Los Angeles, ṣe sínú Fear Is the Mindkiller. Nígbà tí Millennium jáde ní 1994, gìtá wúwo ti wọ inú Front Line Assembly náà, Devin Townsend, ọ̀dọ́ láti àgbègbè Vancouver kan náà, sì wà lára àwọn tó ta á. Àwọn olólùfẹ́ kan kò fẹ́ràn ìyípadà yẹn títí dòní. Èmi rò pé Hard Wired ti 1995, níbi tí gìtá àti ẹ̀rọ ti wá mọ ìwọ̀n ara wọn, wà lára ohun tó dára jù tí wọ́n ṣe.

Delerium

Ẹ kíyè sí bí wọ́n ṣe kọ ọ́: lẹ́tà e ló wà láàárín, níbi tí ìwé atúmọ̀ èdè Gẹ̀ẹ́sì ti máa ń fi lẹ́tà i sí (delirium). Ẹni tó bá kọ ọ́ bí ìwé atúmọ̀ èdè ṣe kọ ọ́ lè wá a títí kó má rí i.

Ohun tí ọ̀pọ̀ kò mọ̀ ni pé Delerium kì í ṣe ohun tí Leeb ṣẹ̀ṣẹ̀ dá sílẹ̀ lọ́jọ́ ogbó láti fi wá owó. Faces, Forms & Illusions jáde ní 1989, nígbà tí Front Line Assembly ṣì ń gbóná. Àwọn àwo Delerium ìgbà náà kò ní obìnrin kankan tó ń kọrin bí ti "Silence". Ìró gígùn ni, tó ń rìn wọ́ọ́rọ́wọ́ nínú òkùnkùn, pẹ̀lú ìlù tó ń dún láti ọ̀nà jíjìn. Spheres ti 1994 ni kí ẹ gbọ́ bí ẹ bá fẹ́ mọ bí ó ṣe rí: orin fún ojú òfuurufú òru, tí kò sí ọ̀rọ̀ tó ń sọ fún ọ pé kí o bẹ̀rù, tí ẹ̀rù sì wà níbẹ̀.

Ọdún 1994 yẹn kan náà ni ohun gbogbo yí padà. Semantic Spaces jáde láti ilé iṣẹ́ Nettwerk, tó wà ní Vancouver níbẹ̀, wọ́n sì mú obìnrin kan wọlé láti kọrin: Kristy Thirsk. Ìlù ijó pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ wọ abẹ́ àwọn ìró gígùn náà. Nettwerk yìí ni ilé iṣẹ́ tó ń gbé àwo Skinny Puppy jáde nígbà tí Leeb wà lọ́dọ̀ wọn. Òun náà ló ń gbé àwo akọrin Kánádà kan jáde, Sarah McLachlan. Nígbà tí Leeb àti Fulber ń ṣe Karma, ilé kan náà ni àwọn àti McLachlan jọ wà. Bí ohùn rẹ̀ ṣe dé orí "Silence" nìyẹn.

Nígbà tí Karma jáde ní 1997, orin yìí kò tíì di ohun tí gbogbo ayé mọ̀. Ó gùn ju ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ, ó sì ń rìn jẹ́jẹ́. Nettwerk gbé e jáde lọ́tọ̀ ní 1999, lẹ́yìn náà ni wọ́n fún àwọn DJ láti tún un ṣe. Rímíìsì ni wọ́n ń pe irú àtúnṣe bẹ́ẹ̀: wọ́n á fún ẹlòmíràn ní ohùn akọrin àti díẹ̀ nínú ìró ìpìlẹ̀, ẹni náà á sì fi ìlù àti béèsì tirẹ̀ kọ́ ilé tuntun yí i ká. Tiësto, DJ ọmọ ilẹ̀ Netherlands, ló ṣe èyí tó lókìkí jù, tó yára, tó ń gòkè bí ìgbì omi kó tó tú ká. Ní 2000, "Silence" dé ipò kẹta lórí àtẹ orin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn tó gbọ́ ọ nílé ijó rí orúkọ Tiësto níwájú wọn, wọ́n sì gbà pé tirẹ̀ ni. Leeb, Fulber àti McLachlan ló kọ orin náà. Aṣọ ni Tiësto rán sí i lọ́rùn, aṣọ tó dára gan-an sì ni, ṣùgbọ́n mo bẹ ẹ̀yin tó mọ̀ ọ́n níbẹ̀ nìkan, ẹ padà lọ gbọ́ èyí tó wà lórí Karma. Nínú ti Tiësto ohùn McLachlan ń gun ìlù bí ẹni gun ẹṣin. Nínú ti Karma ó dá dúró, ààyè ṣófo yí i ká, nígbà tí ó bá sì dákẹ́, ìdákẹ́jẹ́ tí orúkọ orin náà ń sọ ni wàá gbọ́.

Láti ìgbà náà ni Delerium ti di ìdáwọ́lé tó ń gba akọrin obìnrin lálejò. Leigh Nash kọ "Innocente" lórí Poem ní 2000. Chimera jáde ní 2003, Nuages du Monde ní 2006, òmíràn sì ń tẹ̀lé e ní ọdún mélòó kan síra wọn títí dé Signs ti 2023. Nítorí náà, bí ẹnìkan bá ní òun fẹ́ràn Delerium, ẹ bi í léèrè èwo: ti ṣáájú 1994 ni, tàbí ti ẹ̀yìn rẹ̀? Ìró méjì ni, orúkọ kan ṣoṣo.

Àwọn orúkọ tó kù

N kò ní pẹ́ níbí. Noise Unit bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ Leeb àti Marc Verhaeghen, ọmọ Belgium tó ni ìdáwọ́lé kan tó ń jẹ́ Klinik. Àwo wọn àkọ́kọ́ jáde ní 1989, ó gbẹ, ó sì le. Intermix jáde ní 1992 fún àwọn tó ń jó. Cyberaktif ni ó dùn mọ́ mi jù láti sọ, torí inú rẹ̀ ni Leeb ti padà bá àwọn tó fi sílẹ̀ ní 1986 ṣiṣẹ́: cEvin Key àti Dwayne Goettel, ẹni tó gba ipò rẹ̀ gan-an. Tenebrae Vision ni wọ́n ṣe ní 1991. Goettel kú ní 1995. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n lẹ́yìn àwo àkọ́kọ́ náà, ní 2024, Key àti Leeb tún gbé orúkọ Cyberaktif dìde, Fulber sì wà pẹ̀lú wọn. Conjure One kì í ṣe ti Leeb rárá. Fulber ló ni í, àwo rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní 2002, Sinéad O'Connor sì wà lára àwọn tó kọrin níbẹ̀. Ó jọ Delerium torí ọwọ́ kan náà ló wà nínú méjèèjì.

Lílọ àti bíbọ̀

Ohun tó ń rú ẹni tó ń ka orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ lẹ́yìn àwo lójú ni pé Fulber ń farahàn, ó ń pòórá, ó tún ń farahàn. Ó kúrò ní Front Line Assembly ní 1997 láti lọ máa bá àwọn ẹlòmíràn ṣe àwo. Chris Peterson ló rọ́pò rẹ̀. Ẹ gbọ́ FLAvour of the Weak ti 1997 kí ẹ lè mọ ohun tí ìrọ́pò ẹnìkan ń ṣe: gìtá lọ, àwọn ìlù oníyàrá ti ilé ijó ìgbà náà wọlé. Implode ti 1999 àti Epitaph ti 2001 jẹ́ ti Leeb àti Peterson. Fulber padà, Civilization sì jáde ní 2004. Peterson náà tún padà fún Artificial Soldier ní 2006, Jeremy Inkel, ọ̀dọ́ kan, sì wọlé. Lórí àwo yẹn ni Jean-Luc De Meyer ti Front 242 ti kọ orin kan, ó sì dà bí ìgbà tí baba wá jẹun nílé ọmọ.

Inkel ni ó tọ́ kí a dárúkọ dáadáa, torí orúkọ rẹ̀ kì í sábà jáde nínú àlàyé bí irú èyí. Òun wà lára àwọn tó gbé Echogenetic ti 2013 ró, àwo tí wọ́n ṣe láìsí gìtá, tí béèsì rẹ̀ ń ya, tó ń wárìrì bí ti dubstep tí àwọn ọ̀dọ́ ń gbọ́ nígbà náà. Ìdáwọ́lé tó ti lé ní ọdún márùndínlọ́gbọ̀n ṣe àwo tí kò jọ ti àgbàlagbà kankan. Ọdún kan ṣáájú rẹ̀ ni wọ́n ṣe AirMech, orin fún géèmù kọ̀ǹpútà. Inkel kú ní January 2018.

Wake Up the Coma jáde ní 2019. Orin kan wà lórí rẹ̀ tó ya ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́nu: "Rock Me Amadeus", orin Falco. Ẹni tó bá rántí pé ọmọ Vienna ni Falco, tó sì mọ ibi tí wọ́n ti bí Leeb, kò ní bèèrè ohun tó gbé e débẹ̀. Mechanical Soul tẹ̀lé e ní 2021.

Bí ẹ bá fẹ́ bẹ̀rẹ̀ gbígbọ́ lónìí, Tactical Neural Implant ni kí ẹ kọ́kọ́ gbọ́ látòkè délẹ̀, kí ẹ sì gbé Semantic Spaces tẹ̀ lé e lọ́jọ́ kejì. Bí èkíní bá le jù fún etí yín, ẹ yí wọn padà. Caustic Grip wà fún ẹni tó bá fẹ́ kó le sí i, Spheres wà fún ẹni tó bá fẹ́ òkùnkùn tó dákẹ́, Echogenetic sì wà fún ẹni tí ìró 1992 bá ti gbó jù lójú rẹ̀. Àwọn kásẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ lè dúró de ìgbà tí ìfẹ́ rẹ̀ bá ti wọ̀ yín lára.

Àwo kan ṣì wà tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀. Ní September 2024, Metropolis Records gbé Model Kollapse jáde. Wilhelm Schroeder kọ́ ló wà lára rẹ̀, Front Line Assembly kọ́, Delerium kọ́. Lẹ́yìn ọdún méjìdínlógójì tó ti dá dúró, orúkọ tó wà níwájú àwo náà ni Bill Leeb.